Bí Ẹ Ṣe Lè Mọ Írẹ́láǹdì Láti Inú Ìwé: Ẹ Bẹ̀rẹ̀ Láti Ìlú Tí Ẹ Ń Gbé

Tí ẹ bá fẹ́ ka ìtàn Írẹ́láǹdì, ẹ má kọ́kọ́ gbé ìwé gbàǹgbà tó bẹ̀rẹ̀ láti ayé àtijọ́ tó sì parí sí àná. Ìwé bẹ́ẹ̀ dára, mo máa dárúkọ méjì nínú wọn tó bá yá. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò tíì mọ apá ibi tí Cork wà àti apá ibi tí Mayo wà, orúkọ àti ọjọ́ á ti sú u kó tó ka ìdá mẹ́rin ìwé náà. Ìlú tí ẹ ń gbé ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀. Bó bá jẹ́ Ìbàdàn tàbí London lẹ wà, ẹ mú ìlú kan ṣoṣo ní Írẹ́láǹdì, bóyá èyí tí ọmọ yín tàbí àbúrò yín ń gbé, kí ẹ gba ibẹ̀ wọlé.

Drogheda lèmi ń gbé, lẹ́bàá odò Boyne, mo sì ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìtọ́jú àwọn àgbà. Àwọn bàbá àti màmá tí mò ń wẹ̀, tí mò ń fún lóúnjẹ, ló jẹ́ kí n fẹ́ mọ ìtàn ilẹ̀ yìí. Wọ́n á mẹ́nu ba nǹkan kan, wọ́n á tún dákẹ́. Ẹni tí èèyàn bá ń tọ́jú, ó yẹ kéèyàn mọ ibi tó ti ń bọ̀. Àwa ọmọ Yorùbá tí a ń ṣe irú iṣẹ́ yìí níbí kò kéré, àwọn ọmọ wa sì ń kọ́ ìtàn ilẹ̀ yìí nílé ìwé, wọ́n ń gbé ìbéèrè rẹ̀ wálé. Àwa ni mo ní lọ́kàn jù.

Káàdì ilé ìkàwé ló ṣáájú. Ọ̀fẹ́ ni. Láti oṣù kìíní ọdún 2019 ni gbogbo ilé ìkàwé ìjọba ti pa owó ìtanràn rẹ́, nítorí náà ẹ má bẹ̀rù pé ẹ lè pẹ́ kí ẹ tó dá ìwé padà. Ohun tí ọ̀pọ̀ nínú wa kò mọ̀ ni pé káàdì kan náà ń ṣiṣẹ́ káàkiri orílẹ̀-èdè: bí ìwé tí ẹ ń wá bá wà ní Kerry tàbí Donegal, ẹ béèrè fún un lórí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n á gbé e wá sí ilé ìkàwé àdúgbò yín láìgba kọ́bọ̀. Áàpù BorrowBox tún wà fún ìwé àfetígbọ́. Inú bọ́ọ̀sì ni mo ti máa ń gbọ́ tèmi, tí mo bá ń ti iṣẹ́ alẹ́ bọ̀.

Tí ẹ bá wọlé, ẹ bi òṣìṣẹ́ ibẹ̀ níbi tí wọ́n kó ìwé ìtàn àdúgbò sí. Ẹ máa bá ìwé pẹlẹbẹ níbẹ̀, tí àwọn olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì àti àwọn ẹgbẹ́ onítàn kọ, nípa ilé iṣẹ́ aṣọ, ṣọ́ọ̀ṣì, èbúté, itẹ́ òkú. Ẹ má fojú di wọ́n. Ẹni tó kọ wọ́n mọ òpópónà tí ẹ ń gbà lọ sọ́jà.

Ní Drogheda, kò sẹ́ni tó lè yẹ ìtàn Oliver Cromwell, ọ̀gá ogun ilé aṣòfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, sílẹ̀. Ní ọjọ́ 11 oṣù kẹsàn-án ọdún 1649, àwọn ọmọ ogun rẹ̀ fọ́ odi ìlú yìí wọlé, wọ́n sì pa èèyàn lọ bẹẹrẹ. Títí dòní, ẹ bi àgbàlagbà kan nípa Cromwell, ẹ ó rí bójú rẹ̀ ṣe máa yí padà. Ìwé méjì ni kí ẹ yá pa pọ̀ lórí ọ̀rọ̀ yìí. Ọ̀kan ni Cromwell: An Honourable Enemy, tí Tom Reilly, ọmọ Drogheda fúnra rẹ̀, kọ ní 1999. Ó ní àwọn ológun ni Cromwell pa, pé kò sí ẹ̀rí tó fẹsẹ̀ múlẹ̀ pé ó dìídì fi idà lé àwọn aráàlú tí kò gbé ohun ìjà. Èkejì ni God's Executioner, tí Micheál Ó Siochrú gbé jáde ní 2008. Òun kò gbà bẹ́ẹ̀ rárá: lójú tirẹ̀, àwọn aráàlú wà lára àwọn tí wọ́n pa, ìwà ìkà náà sì kọjá ohun tí àwọn èèyàn ìgbà yẹn gan-an gbà lójú ogun.

Lẹ́yìn méjèèjì, ẹ wá lẹ́tà tí Cromwell fọwọ́ ara rẹ̀ kọ sí olórí ilé aṣòfin ní London ní ọjọ́ 17 oṣù kan náà. Ó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́fẹ̀ẹ́, kò sì gùn. Ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé òun ló pàṣẹ kí wọ́n má dá ẹnikẹ́ni tó gbé ohun ìjà nínú ìlú sí, pé lóru ọjọ́ yẹn wọ́n fi idà pa nǹkan bí 2,000. Nípa àwọn sójà kan tó wá túúbá nínú ilé ìṣọ́, ó ní wọ́n pa àwọn ọ̀gá wọn, wọ́n pa ẹnì kan nínú mẹ́wàá-mẹ́wàá àwọn ọmọ ogun tó kù, wọ́n sì kó ìyókù ránṣẹ́ sí Barbados. Nígbà tí mo ka orúkọ erékùṣù yẹn, mo gbé ìwé sílẹ̀ fúngbà díẹ̀. Ẹ ṣọ́ra o fún àwọn tó ń sọ kiri pé ẹrú bíi tiwa ni àwọn ará Írẹ́láǹdì níbẹ̀. Wọ́n fi tipátipá kó ọ̀pọ̀ wọn lọ, ìyà sì jẹ wọ́n gidigidi, ṣùgbọ́n ọdún tí wọ́n fi máa sìn lópin, wọn kì í sì í bí ọmọ wọn sínú ìsìnrú. Àwọn tí wọ́n kó láti Áfíríkà, títí ayé ni, àtọmọ àtọmọọmọ. Ìwé tó bá pa méjèèjì pọ̀, ẹ dá a padà.

Ẹ ó tún rí i pé Arthur Aston, ọ̀gá ológun tó ń dáàbò bo ìlú náà, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì ni, àwọn Gẹ̀ẹ́sì sì pọ̀ lára àwọn ọmọ ogun tó wà lábẹ́ rẹ̀, torí ogun láàárín ọba àti ilé aṣòfin nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló ta dé ibí. Ìtàn tí wọ́n ń sọ nílé ọtí kì í dé ibẹ̀ yẹn. Lẹ́yìn tí ẹ bá ti kà á tán ni kí ẹ wá lọ wo ẹnubodè àtijọ́ St Laurence Gate àti òkè Millmount níbi tí wọ́n ti pa Aston. Nígbà náà ni òkúta yẹn máa bá yín sọ̀rọ̀.

Ìlànà tí mo fẹ́ kí ẹ mú níbẹ̀ ni èyí: ìwé méjì tó ń ta ko ara wọn, àti ìwé kan tí ẹni tí ọ̀rọ̀ ṣojú rẹ̀ kọ. Agbọ́ẹjọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Nínú ìtàn Írẹ́láǹdì, òwe yìí kan gbogbo ojú ewé, torí àwọn òǹkọ̀wé ibẹ̀ ṣì ń bá ara wọn ṣẹjọ́.

Kí ẹ tó kúrò nílùú yín, ẹ kọ ọjọ́ díẹ̀ sẹ́yìn ìwé àkọsílẹ̀ yín kí ẹ lè máa wò ó: 1690, ogun odò Boyne, tí ọba William, Pùròtẹ́sítáǹtì, ṣẹ́gun ọba James, Kátólíìkì, 1798, ọ̀tẹ̀ tó kùnà, 1801, wọ́n so Írẹ́láǹdì mọ́ Ìlú Ọba, 1845, Ìyàn Ńlá, 1916, ọ̀tẹ̀ ọ̀sẹ̀ Àjíǹde ní Dublin, 1921, àdéhùn tó bí ìjọba tuntun, pẹ̀lú kántì mẹ́fà ní àríwá tó ṣẹ́kù sọ́wọ́ Ìlú Ọba, 1922 sí 1923, ogun abẹ́lé, 1998, àdéhùn àlàáfíà ti Good Friday. Ìyẹn tó. Èyí tó kù á máa wá fúnra rẹ̀.

Àwọn ìwé gbàǹgbà méjì tí mo ní mo máa dárúkọ nìyí: Modern Ireland 1600–1972 tí R. F. Foster kọ ní 1988, àti The Transformation of Ireland 1900–2000 tí Diarmaid Ferriter gbé jáde ní 2004. Ẹ má kà wọ́n láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ẹ̀yìn ni kí ẹ ti ṣí wọn, níbi tí atọ́ka orúkọ wà. Ẹ wá orúkọ ìlú yín, ẹ wá ohun tí màmá kan mẹ́nu bà níbi iṣẹ́, kí ẹ ka ojú ewé yẹn àti méjì tó yí i ká. Bí mo ṣe ń lo ti Ferriter nìyẹn, mo sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kà á tán báyìí láìtò ó tẹ̀ léra.

Ìyàn Ńlá gba sùúrù. Àrùn kan wọ inú pòtétò ní 1845, ó sì ń padà wá títí di nǹkan bí 1852. Nǹkan bíi mílíọ̀nù kan èèyàn ló kú. Ó ju mílíọ̀nù kan lọ tó wọkọ̀ ojú omi sá lọ. Ìkànìyàn 1841 ka èèyàn 8,175,124 ní gbogbo erékùṣù náà. Ní 1851 ó ti di 6,552,385. Títí dòní wọn kò tíì padà tó iye ti 1841. Àrùn pòtétò náà dé àwọn ibòmíràn ní Yúróòpù, kò sì pa wọ́n tó báyìí. Kí ló wá sọ àrùn ewéko di ikú mílíọ̀nù kan èèyàn? Ìbéèrè yìí ni gbogbo ìwé ìyàn ń jà lé lórí.

Ní àkókò Éamon de Valera, olórí ìjọba Írẹ́láǹdì, ni ìjọba ní kí àwọn onímọ̀ ìtàn kọ ìwé kan lórí ìyàn náà. Ó pẹ́ kó tó jáde, ní 1956, ó sì tutù lójú ọ̀pọ̀ èèyàn, bí ẹni pé wọn kò fẹ́ bínú. Ní 1962 Cecil Woodham-Smith gbé The Great Hunger jáde, òun sì bínú. Ìwé náà tà gan-an. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, yunifásítì UCD ní Dublin fi ṣe ìbéèrè fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ pé ìtàn àròsọ ńlá ni ìwé yẹn, kí wọ́n jíròrò rẹ̀. Ẹ rí i pé ọ̀rọ̀ náà gbóná. Ìmọ̀ràn mi ni pé kí ẹ ka Woodham-Smith fún bí ó ṣe ń jẹ́ kéèyàn rí ojú àwọn tó ń kú, kí ẹ sì gbé Atlas of the Great Irish Famine tí Cork University Press tẹ̀ ní 2012 sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ìwé àwòrán ilẹ̀ ni, ó tóbi, ó wúwo, ilé ìkàwé ni kí ẹ ti jókòó wò ó. Ẹ ó rí i ní àwòrán bí àwọn èèyàn ṣe dín kù láti agbègbè dé agbègbè, bí ìwọ̀ oòrùn ṣe ṣófo.

Ohun méjì ni mo fi ń dán ìwé ìyàn wò. Àkọ́kọ́ ni oúnjẹ tó ń jáde. Òótọ́ ni pé ọkọ̀ ń kó ọkà àti ẹran jáde kúrò ní Írẹ́láǹdì nígbà tí ebi ń pa èèyàn. Òótọ́ sì ni pé ní 1847 ọkà tó ń wọlé ti ju èyí tó ń jáde lọ. Ìwé tó bá sọ ọ̀kan tó fi ìkejì pamọ́, ẹ mọ̀ pé agbẹjọ́rò lẹ ń kà. Èkejì ni òfin 1847 tí wọ́n fi orúkọ William Gregory pè: ẹni tó bá di ilẹ̀ tó ju ìdá mẹ́rin éékà kan mú kò gbọ́dọ̀ gba ìrànwọ́. Bàbá kan tí ilẹ̀ rẹ̀ kékeré ni ohun kan ṣoṣo tó ní láyé á yàn bóyá kí ó jọ̀wọ́ rẹ̀ kí àwọn ọmọ rẹ̀ lè jẹun lónìí, tàbí kí ó dì í mú kí wọ́n kú. Tí mo bá dé ibi òfin yẹn nínú ìwé, inú mi máa ń bàjẹ́ ju ibi tí wọ́n ti ń ka òkú lọ, torí èèyàn ló jókòó kọ ọ́.

Ẹ máa bá orúkọ John Mitchel pàdé, ẹni tó fi ẹ̀sùn ikú yẹn kan àwọn Gẹ̀ẹ́sì tààrà. Ẹ kà á, ọ̀rọ̀ rẹ̀ lágbára. Ṣùgbọ́n kí ẹ mọ̀ pé nígbà tí ọkùnrin yìí dé Amẹ́ríkà, ó gbèjà oko ẹrú. Daniel O'Connell, tó jà fún ẹ̀tọ́ àwọn Kátólíìkì, kórìíra oko ẹrú ní tirẹ̀, Frederick Douglass, tó sá kúrò lóko ẹrú ní Amẹ́ríkà, sì gbọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀ ní Dublin ní 1845. Ẹni tí ìyà jẹ lè lóye ìyà ẹlòmíràn, ó sì lè má lóye rẹ̀. Ìwé tó bá sọ àwọn méjèèjì fún yín ni kí ẹ rà.

Bí àwọn èèyàn ṣe ń gbé ayé wọn lójoojúmọ́, ẹ lọ sí erékùṣù Great Blasket ní Kerry. Erékùṣù kékeré ni, wọ́n sì kó àwọn tó kù níbẹ̀ kúrò ní 1953, ṣùgbọ́n láàárín ọdún díẹ̀, ìwé ìgbésí ayé tó ti ibẹ̀ jáde lédè Írẹ́láǹdì ju ọ̀kan lọ. Tomás Ó Criomhthain, apẹja, gbé An tOileánach jáde ní 1929. Peig Sayers sọ tirẹ̀, ọmọ rẹ̀ ọkùnrin sì kọ ọ́ sílẹ̀. Peig ni wọ́n pè é, ní 1936. Wọ́n ti túmọ̀ méjèèjì sí Gẹ̀ẹ́sì. Tí ẹ bá dárúkọ Peig fún àwọn ará Írẹ́láǹdì tó ti lé ní àádọ́ta ọdún, ọ̀pọ̀ á mí kanlẹ̀, torí wọ́n fi ipá kà á nílé ìwé. Ẹ má tẹ̀ lé wọn. Ìyá tó ń sọ nípa ọmọ tó kú, nípa ọmọ tó kọjá sí Amẹ́ríkà, nípa òkun, nípa àdúrà: èyí tó yé wa jù nìyẹn. Ṣùgbọ́n Ó Criomhthain ni kí ẹ fi ṣáájú, kò fi ọ̀rọ̀ ṣòfò.

Tí ẹ bá ní ọmọ nílé, ẹ ṣí dúchas.ie fún wọn. Láàárín 1937 sí 1939, ìjọba ní kí àwọn ọmọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lọ bá àwọn òbí wọn àgbà, kí wọ́n kọ ohun tí wọ́n bá gbọ́ sílẹ̀: àlọ́, egbòogi, ìwín, ìtàn ìyàn. Nǹkan bí 50,000 ọmọ ló kọ ọ́. Ẹ wá orúkọ ilé ìwé tó súnmọ́ yín, ẹ ó rí ọwọ́ ìkọ̀wé ọmọ náà gan-an.

Ibi tó kù díẹ̀ kó le nìyí. Àwọn ìwé nípa ilé tí wọ́n kó àwọn ọmọbìnrin tó lóyún láìlọ́kọ sí àti ilé ìfọṣọ Magdalene, níbi tí àwọn sístà ti ń mú obìnrin ṣiṣẹ́ tipátipá, ẹ má fi wọ́n bẹ̀rẹ̀, ẹ má sì sá fún wọn. Ọdún 1996 ni wọ́n ti èyí tó kẹ́yìn nínú àwọn ilé ìfọṣọ náà pa. Tẹ́lẹ̀ rí àwa Yorùbá rò pé fáda àti sístà láti Írẹ́láǹdì, tó kọ́ ilé ìwé àti ilé ìwòsàn fún wa, bákan náà ni wọ́n rí nílé. Ọ̀rọ̀ náà jù bẹ́ẹ̀ lọ, èèyàn sì lè dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn kí ó tún gbọ́ ẹkún àwọn tí wọ́n fìyà jẹ. Ìròyìn Ryan ti 2009, lórí àwọn ọmọ tó wà nílé ìtọ́jú àwọn ẹlẹ́sìn, wà lọ́fẹ̀ẹ́. Ìròyìn lórí ilé àwọn ìyá àti ọmọ jáde ní oṣù kìíní ọdún 2021. Ó ní nǹkan bí 9,000 ọmọ ló kú nínú àwọn ilé 18 tí wọ́n wádìí. Púpọ̀ nínú àwọn ìyá tó la á já ní ìròyìn yẹn kò gbọ́ ẹjọ́ àwọn bó ṣe yẹ, nítorí náà ẹ ka ọ̀rọ̀ ẹnu tiwọn pẹ̀lú. Ẹ ka nípa Catherine Corless pẹ̀lú, obìnrin kan ní Galway tó fi owó ara rẹ̀ ra ìwé ẹ̀rí ikú ọmọ 796 tó kú ní ilé àwọn ìyá àti ọmọ ní Tuam, nígbà tí kò sẹ́ni tó bèèrè wọn.

Ẹ̀yin tí ẹ ń tọ́jú àgbà, mo bẹ̀ yín: ohun tí ẹ bá kà níbẹ̀, ẹ má gbé e lọ béèrè lọ́wọ́ wọn. Ẹ lè máa wẹ ẹni tó wà níbẹ̀ rí. Bí màmá bá fẹ́ sọ ọ́, ẹ jókòó. Bí kò bá fẹ́, ẹ bo aṣọ lé e kó lè móoru.

Lórí ìjà àríwá, ní kántì mẹ́fà tó ṣẹ́kù sọ́wọ́ Ìlú Ọba, mi ò ní pẹ́ níbẹ̀. Ẹ wo ìlú tí òǹkọ̀wé ti wá àti ọdún tó kọ̀wé, ṣáájú 1998 tàbí lẹ́yìn rẹ̀. Lost Lives, tó jáde ní 1999, kọ nípa ẹnì kọ̀ọ̀kan tó kú nínú ìjà náà, ó ju 3,600 lọ, tọ̀tún tòsì. Ẹ wá a ní ilé ìkàwé, kò sí lórí àtẹ mọ́.

Ọ̀rọ̀ tiwa náà ti wọ ìtàn ilẹ̀ yìí. Tí ẹ bá ń wá ìwé lórí àwọn àjèjì ní Írẹ́láǹdì, ẹ wá èyí tó ṣàlàyé ìdìbò ọjọ́ 11 oṣù kẹfà ọdún 2004 dáadáa. Nǹkan bí ìdá 79 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn tó dìbò ló fọwọ́ sí i pé kí ọmọ tí wọ́n bá bí síbí má di ọmọ onílùú mọ́ kìkì nítorí pé ibí ni wọ́n bí i sí. Ọ̀rọ̀ àwọn ìyá láti Nàìjíríà wà lára ohun tí wọ́n fi ṣe àríyànjiyàn nígbà náà. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn rẹ̀, ní 2007, Rotimi Adebari, ọmọ Yorùbá tó wá síbí gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ń wá ààbò, di olórí ìlú Portlaoise. Ìwé tó bá sọ ọ̀kan láìsọ èkejì, ẹ bèèrè ìdí rẹ̀.

Ìkànìyàn 1901 àti 1911 ni mo fi ń parí pẹ̀lú ẹni tó bá bi mí, torí kò gba káàdì, ó wà lọ́fẹ̀ẹ́ lórí íntánẹ́ẹ̀tì fún ẹnikẹ́ni níbikíbi. Èyí tó ṣáájú wọn kò kù tó nǹkan. Púpọ̀ jóná nínú ilé àkójọ ìwé ìjọba ní Four Courts ní oṣù kẹfà ọdún 1922, ìjọba fúnra rẹ̀ sì ti ba àwọn mìíràn jẹ́ ṣáájú ìgbà yẹn. Ẹ yan kántì, ẹ yan òpópónà, ẹ ṣí ilé kọ̀ọ̀kan. Ẹ ó rí orúkọ, ẹ̀sìn, iṣẹ́, bóyá ẹni náà mọ̀ ọ́n kọ tó sì mọ̀ ọ́n kà. Ní ti 1911, ẹ wo ibi tí wọ́n ti béèrè lọ́wọ́ obìnrin tó wà nílé ọkọ pé ọmọ mélòó ló bí, mélòó ló ṣì wà láàyè. Tí orúkọ tí ẹ ń wá kò bá jáde, ẹ yí bí ẹ ṣe kọ ọ́ padà: O'Brien lè wà lábẹ́ Brien, ẹni tó sì ń ka ìwé ọwọ́ àtijọ́ lè ti ṣì í kà, nítorí náà ẹ fi òpópónà wá a dípò orúkọ.